Bí Àwẹ̀ró Ṣe Gba Adágún Ìdí-Ẹ̀pìn Padà Lọ́wọ́ Òyìnbó Faransé

Ní ayé àtijọ́ tí mò ń mú yín lọ yìí, kò sí ẹ̀rọ omi, kò sí kànga, adágún kan ṣoṣo ni gbogbo Ìdí-Ẹ̀pìn ń mu. Ẹ sún mọ́ mi dáadáa. Ìwọ tó ń wo ẹnu ọ̀nà yẹn, ta lò ń retí? Ìtàn ìyá tó dá agbo ilé rẹ sílẹ̀ ni mò ń sọ, ìwọ ń wo ẹnu ọ̀nà. Ó dáa, dẹ etí sí mi.

Àwẹ̀ró lorúkọ ìyá wa náà. Obìnrin kúkúrú ni, ẹnu rẹ̀ mú, kì í sì í bẹ̀rù ẹnikẹ́ni. Òun ló ń ṣe ìtọ́jú adágún náà. Ẹ ó ní, ìtọ́jú wo ni adágún ń fẹ́? Ẹ má kánjú. Ilẹ̀ wa níhìn-ín, ẹ̀yin náà mọ̀ ọ́n, ilẹ̀ dúdú ni. Bí ẹ̀ẹ̀rùn bá mú un, á sán, ibi tó sán yẹn lomi ń gbà sá lọ. Nítorí náà, lọ́dọọdún, bí òjò bá ku ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, tí omi adágún bá fà títí tó dé kókósẹ̀, Àwẹ̀ró á kó gbogbo ìlú wọnú rẹ̀. Wọ́n á fi ọwọ́ kó ẹrẹ̀ kúrò, wọ́n á da amọ̀ òkìtì ikán sí ìsàlẹ̀, wọ́n á sì máa fi ẹsẹ̀ tẹ̀ ẹ́. Ọkùnrin á tẹ̀ ẹ́, obìnrin á tẹ̀ ẹ́, wọ́n á tẹ̀ ẹ́ títí yóò fi dán bí inú ìkòkò. Bí òjò bá wá rọ̀, omi á dúró. Ohun tó gbé ìlú ró nìyẹn, ẹ̀yin ọmọ mi.

Nígbà tó yá, àwọn Faransé gba ilẹ̀ yìí. Wọ́n kó sójà dé, wọ́n ń fi tipátipá mú èèyàn lọ la ọ̀nà. Lẹ́yìn sójà ni àgbẹ̀ wọn dé, òyìnbó onírùngbọ̀n kan tí wọ́n ń pè ní Musé Lúì, bí ẹní ń pe Ọ̀gbẹ́ni Lúì. Ó gba ilẹ̀ rẹpẹtẹ lẹ́gbẹ̀ẹ́ adágún, kò bi ẹnikẹ́ni, ó gbin òwú, ó kó màlúù wá. N kò ní parọ́ mọ́ ọn, kì í ṣe òṣìkà. Ó máa ń kí èèyàn, ó máa ń fún aláìsàn lóògùn. Ṣùgbọ́n ó gbà pé òun nìkan ló mọ nǹkan, àìsàn tó ń ṣe òun náà nìyẹn.

Ní àárọ̀ ọjọ́ títẹ amọ̀, ó ṣàdéédéé yọ sí wọn. Ó rí gbogbo ìlú nínú omi mímu, ẹrẹ̀ dé orúnkún wọn, wọ́n ń kọrin, wọ́n ń tẹsẹ̀ mọ́lẹ̀. Háà! Inú bí òyìnbó. Ó ní ṣé omi tí wọ́n fẹ́ mu ni wọ́n ń fi fọ ẹsẹ̀ yìí! Ó lé wọn jáde. Kí ọ̀sẹ̀ náà tó parí, ó ti fi igi sọgbà yí adágún ká, ó fi àgádágodo sẹ́nu rẹ̀, ó fi sójà méjì ṣọ́ ọ.

Àwẹ̀ró lọ bá a nílé, ògbufọ̀ dúró láàárín wọn.

“Musé, ẹ jọ̀ọ́, iṣẹ́ là ń ṣe níbẹ̀, a kò wẹ̀. Bí ẹ kò bá jẹ́ ká tẹ̀ ẹ́, omi yẹn máa lọ.”

Òyìnbó rẹ́rìn-ín. “Ìyá, omi ò ní lọ síbì kan. Ẹ lọ sinmi.”

“Ó dáa. Mo ti sọ tèmi.”

Láti ọjọ́ náà, odò Yewà ni wọ́n ń lọ pọnmi. Bí o bá jáde ní ìdájí, ọ̀sán gangan lo máa padà. Sẹ̀gílọlá, ọmọ kan ṣoṣo tí Àwẹ̀ró bí, lóyún oṣù méje nígbà náà. Ìyá rẹ̀ ní kó má lọ, ó lọ, torí kò fẹ́ kí ìyá òun máa pọn ti ẹni méjì. Ó ṣubú lójú ọ̀nà tòun ti ìkòkò. Oyún náà bàjẹ́. Ẹ̀yin ọmọ mi, Àwẹ̀ró sunkún títí ojú rẹ̀ wú, ó sunkún títí ohùn rẹ̀ fi há.

Baálẹ̀ Ògúnṣeyè pe ìpàdé. Ó ní ó ti tó gẹ́ẹ́, ká di ẹrù ká sá lọ sí apá ọ̀dọ̀ àwọn Gẹ̀ẹ́sì. Àwọn mìíràn tilẹ̀ ti ń tú òrùlé. Àwẹ̀ró dìde.

“Baálẹ̀, ẹ ṣe sùúrù. Mo ti sin ọmọ-ọmọ mi sínú ilẹ̀ yìí, n kò lọ síbì kankan. Ẹ fún mi di ìgbà òjò ọdún tó ń bọ̀. Bí omi yẹn kò bá tíì padà sọ́wọ́ wa, èmi ni màá ṣáájú yín lọ.”

Wọ́n fún un.

Nígbà tí ẹ̀ẹ̀rùn kejì dé, tí ẹnikẹ́ni kò tẹ amọ̀, ìsàlẹ̀ adágún sán yánnayànna. Omi ń lọ, òyìnbó ń wò ó. Ló bá kó lébìrà wá, ó kó ṣọ́bìrì lé wọn lọ́wọ́, ó ní kí wọ́n gbẹ́ ẹ jìn sí i. Ẹ gbọ́ o! Ṣọ́bìrì ló fi dá amọ̀ tí wọ́n ti ń tẹ̀ láti ayébáyé lu. Ní ọjọ́ kan ṣoṣo, ìwọ̀nba omi tó kù wọlẹ̀ lọ. Màlúù bẹ̀rẹ̀ sí í kú.

Musé Lúì fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn wá sílé Àwẹ̀ró, àkẹtẹ̀ rẹ̀ wà lọ́wọ́.

“Ìyá, ẹ ràn mí lọ́wọ́.”

“Jẹ́ kí òùngbẹ pa á!” Baálẹ̀ tó wà níjokòó níbẹ̀ ló pariwo bẹ́ẹ̀.

Ó wu Àwẹ̀ró náà bẹ́ẹ̀, n kò ní tàn yín. Ṣùgbọ́n ó gbójú sókè, ó rí i pé òjò ti ń ṣú. Bí òjò àkọ́kọ́ yẹn bá wọlẹ̀ lọ, ìlú tú nìyẹn. Ó yíjú sí òyìnbó.

“Lé sójà rẹ lọ. Fọ́ ọgbà yẹn. Kí o sì bọ́ bàtà.”

Òyìnbó bọ́ bàtà. Gbogbo ìlú wọnú adágún, òun náà wọ̀ ọ́, ẹsẹ̀ rẹ̀ funfun báláú nínú ẹrẹ̀. Àwẹ̀ró dì í lọ́wọ́ mú, ó mú un lọ sẹ́gbẹ̀ẹ́ Sẹ̀gílọlá.

“Ọmọ kan kú torí ọgbà rẹ. Ìyá rẹ̀ nìyí. Ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ni wàá ti máa tẹ̀ ẹ́.”

Ògbufọ̀ rọra túmọ̀ rẹ̀. Òyìnbó kò lè wo ojú Sẹ̀gílọlá. Ọjọ́ mẹ́ta ni wọ́n fi tẹ̀ ẹ́, ọjọ́ mẹ́ta ló fi dúró níbẹ̀, omi ń dà lójú rẹ̀.

Nígbà tí iṣẹ́ parí, Baálẹ̀ ní kí wọ́n kó igi ọgbà náà jọ, kí wọ́n fi sé òyìnbó mọ́ta, kí òun náà mọ bó ṣe ń rí.

“Igi wo?” Àwẹ̀ró bú sẹ́rìn-ín. “Ẹ̀wà tí ẹ ń jẹ láti ìjẹta, kí lẹ rò pé mo fi sè é?”

Òjò rọ̀, adágún kún. Àwẹ̀ró ló kọ́kọ́ bu omi, kò sì mu ún. Níṣojú gbogbo ìlú, níṣojú òyìnbó, ó gbé igbá náà lọ bá Sẹ̀gílọlá, ó kúnlẹ̀ fún ọmọ tó bí nínú ara rẹ̀, ó ní, “Ìwọ mu ún ná.” Ìgbà tí Sẹ̀gílọlá mu tán ni ẹlòmíràn tó mu.

Láti ìgbà náà, nínú agbo ilé Àwẹ̀ró, a kì í ti omi mọ́ ẹnikẹ́ni. Bí òjò bá sì ti kún adágún, obìnrin tí oyún bàjẹ́ mọ́ lára lọ́dún náà la máa ń gbé omi àkọ́kọ́ fún, gbogbo wa á sì kúnlẹ̀, tọkùnrin tobìnrin, títí yóò fi mu tán. Ẹ̀yin náà rí i pé òjò rọ̀ lánàá. Àrìnọlá, ọmọ mi, dìde lẹ́yìn ògiri yẹn, má fojú pamọ́ fún wa mọ́. Wá jókòó síwájú níbí. Láàárọ̀ ọ̀la, ìwọ ni a máa kúnlẹ̀ fún.