Ọ̀rọ̀ Ìyá Ọkọ Mi Tí N Kò Túmọ̀

Ẹ̀yin tí ẹ ń ka èyí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì bú mi. Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ tán. Kò pẹ́ tí àwọn Faransé kó ẹrù wọn lọ ni ọ̀rọ̀ yìí ti wà nínú mi. Ọkọ mi kò mọ̀, ìjọ mi kò mọ̀. Mo ń sọ ọ́ báyìí nítorí pé ìyá ọkọ mi wà lórí ẹní, kò sì jọ pé yóò dìde mọ́.

Ọmọ Sakété ni mí. Mo lọ sílé ẹ̀kọ́ àwọn fadá, mo gbọ́ Faransé. Nígbà tí mo lọ́kọ, mo bá a lọ sí abúlé wọn lẹ́bàá Towé. Igbó kan wà lẹ́yìn abúlé náà. Ibẹ̀ ni wọ́n ń sin àwọn àgbà ilé sí, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń bọ ohun tí wọ́n ń bọ, Ìyá ló sì ń tọ́jú rẹ̀. Èmi ò bá wọn débẹ̀. Ìjọ aláṣọ funfun tó ti Àjàṣẹ́ wá ni mò ń lọ ní tèmi.

Nígbà tí àkọ́bí mi kú, Ìyá sọ lójú gbogbo obìnrin ilé pé ká ní mo gbé ọmọ náà lọ fi han àwọn baba rẹ̀ nínú igbó ni, kì bá tí kú. Háà! Ọmọ tí wọn ò tíì sin tán! Láti ọjọ́ náà ni mo ti kórìíra igbó yẹn.

Kò pẹ́ sí i ni ọ̀gá aṣọ́gbó kan ti Pobè wá. Èèyàn dúdú bíi tiwa ni, ṣùgbọ́n ará òkè àríwá ni, kò gbọ́ èdè wa. Ó ní òfin tí òyìnbó fi pín igbó ti ń kásẹ̀ nílẹ̀, ìjọba tuntun sì ń tún wọn pín. Igbó tí ará ìlú bá ṣì ń lò, wọn á fi í sílẹ̀ fún wọn. Èyí tí ẹnikẹ́ni ò bá lò mọ́ á di "kilasé": ìjọba ló ni ín nìyẹn, ẹsẹ̀ ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ tẹ̀ ẹ́. Wọ́n ní kí n wá ṣe ògbufọ̀.

Ó bi Ìyá bóyá wọ́n ṣì ń lo igbó náà. Ìyá sọ̀rọ̀ pẹ́. Ó dárúkọ àwọn tó sùn síbẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan. Nígbà tó kan ọkọ rẹ̀, omi bọ́ lójú rẹ̀. Ó ní, "Ìyàwó mi, bá mi sọ fún un pé ẹ̀gbẹ́ ọkọ mi ni wọn ó sin mí sí."

Mo yíjú sí ọ̀gá náà, mo ní, "Ó ní nǹkan ayé àtijọ́ ni. Kò sẹ́ni tó ń débẹ̀ mọ́."

Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe wí. Ohùn mi ò tilẹ̀ gbọ̀n. Ọkùnrin náà dúpẹ́ lọ́wọ́ Ìyá. Ìyá náà dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ó ní ó jọ ọmọlúàbí.

Ẹ jọ̀ọ́, inú ló ń bí mi. Mi ò rò ó síwájú.

Ìgbà tó yá ni wọ́n fi àwọn aṣọ́gbó síbẹ̀. Ìyá gbé omi àti obì lọ fún ọkọ rẹ̀ bó ṣe máa ń ṣe, wọ́n tì í jáde, ó ṣubú. Itan rẹ̀ ò dáa mọ́ láti ọjọ́ náà. Gbogbo abúlé bú ìjọba, wọ́n ní ó burú ju òyìnbó lọ. Èmi náà bá wọn bú u.

Mo ti bí ọmọ méjì lẹ́yìn ìyẹn. Ìyá yìí náà ló jókòó ti àwọn méjèèjì, tó ń kọrin fún wọn. Mo ti wá fẹ́ràn rẹ̀, ìyẹn gan-an ló ń pa mí.

Lánàá, ó pè mí. Ó ní, "Ìyàwó, ìwọ lo gbọ́ Faransé. Lọ sí Pobè, tún bá mi bẹ̀ wọ́n. Bóyá ọkùnrin ọjọ́sí yẹn ni ò gbọ́ ọ yé." Mo ní, "Ó dáa, Ìyá."

Tí mo bá lọ, àfi kí n sọ pé irọ́ ni mo pa. Ọkọ mi á gbọ́, á lé mi, wọ́n sì lè má ṣí igbó náà. Tí n kò bá lọ, etí ọ̀nà tí a ń sin òkú sí láti ìgbà tí wọ́n ti gba igbó ni wọn ó sin ín sí. Ṣé kí n jẹ́wọ́ fún un kó tó kú ni, àbí kí n jẹ́ kó máa rò pé mo bá òun gbìyànjú? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ tètè dá mi lóhùn. Láàárọ̀ yìí ó tún ti bi mí bóyá mo ti wọṣọ.