Dísíkẹ́ẹ̀tì Àjèjì Tó Pa Orúkọ Ìyá Wọn Rẹ́

Ó ti pé ọdún méjì tí ọ̀rọ̀ yìí ti ń jẹ mí lọ́kàn. Lánàá, ẹni tí mo ṣẹ̀ wá jókòó níwájú mi, kò sì mọ̀ pé èmi ni. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbọ́ mi dópin kí ẹ tó bú mi.

Ṣọ́ọ̀bù kan ní Bẹẹrẹ ni mo ti ń fi kọ̀ǹpútà tẹ ìwé. Ọ̀gá mi obìnrin ti kìlọ̀: a ò gbọdọ̀ ki dísíkẹ́ẹ̀tì, àwo pẹlẹbẹ tí a ń tọ́jú iṣẹ́ sí, tó bá ti ìta wá bọ inú ẹ̀rọ náà, nítorí fáírọ́ọ̀sì tó ń ba iṣẹ́ jẹ́. Mo máa ń rẹ́rìn-ín. Irin wo ló ń ṣàìsàn?

Bàbá arúgbó kan láti Àrẹ̀mọ wá ka ìtàn ìdílé wọn fún mi. Bó ṣe ń jáde lẹ́nu wọn ni mò ń tẹ̀ ẹ́. Wọ́n dárúkọ ìyàwó márààrún tí bàbá wọn fẹ́, pẹ̀lú ọmọ ìdí-igi kọ̀ọ̀kan. Kò pé oṣù kan, Bàbá kú.

Ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an ni mo ki dísíkẹ́ẹ̀tì géèmù ọ̀rẹ́ mi bọ ẹ̀rọ. Yéè! Iṣẹ́ Bàbá dàrú. Mo sáré ki ẹ̀dà tá a tọ́jú sí dísíkẹ́ẹ̀tì mìíràn bọ̀ ọ́, ìyẹn náà bàjẹ́.

Àwọn ọmọ Bàbá fẹ́ pín ìwé náà níbi àdúrà ogójì ọjọ́. Ẹ̀rù bà mí kí ọ̀gá mi má lé mi lẹ́nu iṣẹ́. Ni mo bá tún un tẹ̀ látinú ohun tí mo rántí. Mo rántí ìyàwó mẹ́rin, n kò rántí ìkarùn-ún. Mo kọ mẹ́rin. Mo ní ta ló máa kà á?

Wọ́n kà á o. Lánàá, ìyá kan tó ń ta òfì ní Òjé ní kí n bá òun tẹ lẹ́tà sí ẹbí. Àbúrò Bàbá ni wọ́n, ọmọ ìyàwó karùn-ún. Ẹbí ti ní kí wọ́n kó ẹrù wọn jáde nínú agbo ilé, pé ìyá wọn kì í ṣe ìyàwó ilé, ìwé Bàbá ò dárúkọ rẹ̀.

Ìyá náà ní, "Ọmọ mi, ìyá mi ló wo ẹ̀gbọ́n mi dàgbà. Ṣé wọ́n lè gbàgbé Àṣàbí ni?"

Bí wọ́n ṣe dárúkọ yẹn ni mo rántí. Bàbá rẹ́rìn-ín nígbà tí wọ́n ń pe orúkọ náà fún mi. Ojú tì mí, mo tẹ lẹ́tà náà parí.

Nígbà tí wọ́n ń lọ, wọ́n ṣàdúrà fún mi: "Wọn ò ní pa orúkọ ìyá tìẹ náà rẹ́." Mo ṣe àmín.

Ìparí oṣù tó ń bọ̀ ni ẹbí máa ṣèpàdé lórí ọ̀rọ̀ ìyá náà. Bí mo bá jẹ́wọ́, iṣẹ́ mi lọ. Bí n kò bá jẹ́wọ́, ilé wọn lọ. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin àgbà, ẹnu wo ni kí n fi wí i?