Ẹ̀wà Tí Ìyá Mi Ń Ṣà

Bọ̀dá Dáramọ́lá, ẹ má ní kí n jókòó, mi ò jókòó! Ẹ̀yin lẹ mú mi lọ sọ́dọ̀ Àǹtí Ìbíyínká n'Íkàrẹ́, ẹ ní ó ti pẹ́ nídìí fíìmù, kó kọ́ mi. Ó kọ́ mi lóòótọ́! Wallahi, ó kọ́ mi!

Oṣù mẹ́fà ni mo fi ń gun ọ̀kadà láti Ọ̀kà lọ sílé ẹ̀, tí mò ń gbálẹ̀, tí mò ń fọṣọ. Bí mo bá figbe ta, á ní, "Raliat, kámẹ́rà kì í ṣe adití." Bí mo bá gbáyà mú, á ní ta ni mò ń tàn jẹ. Ó ní kí n sọ ohun tó dùn mí jù láyé fóun, pé ibẹ̀ leré ti ń bẹ̀rẹ̀. Èmi òmùgọ̀, mo sọ ọ́!

Mo sọ bí wọ́n ṣe wá túfọ̀ Hafeez, àbúrò mi tí mọ́tò pa, fún ìyá wa. Ìyá mi ń ṣa ẹ̀wà lọ́wọ́. Kò ké, kò ṣubú. Òkúta tó ti ṣà sọ́tọ̀ ló bẹ̀rẹ̀ sí í dá padà sínú ẹ̀wà, ẹyọ kọ̀ọ̀kan. Ọkọ mi pàápàá ò gbọ́ ọ rí.

Ẹ̀yin náà wo fíìmù tuntun tí Àǹtí gbé jáde, àbí? Ta lẹ rí tó ń dá òkúta padà sínú ẹ̀wà? Ṣé èmi ni? Èmi tí mo kàn gbé omi wọlé tí mo tún jáde! Àǹtí fúnra ẹ̀ ni! Àwọn èèyàn ní kò sunkún, síbẹ̀ ó pa àwọn lẹ́kún. Mo bi í, ó ní, "Ohun tóo bá gbé wá síbi iṣẹ́, ti iṣẹ́ ni." Ẹ̀kọ́ nìyẹn àbí olè?

Sùúrù kẹ̀? Tó bá ṣe èmi nìkan ni, màá gbé e mì. Kareem ará ilé wa ló fi fíìmù náà han ìyá mi lórí fóònù. Obìnrin tí a ò jẹ́ kó mọ sàréè ọmọ ẹ̀, nítorí òbí kì í mọ̀ ọ́n, òun ni wọ́n wá gbé ọ̀fọ̀ ẹ̀ kalẹ̀ níwájú ẹ̀! Ó wò ó tán, ó ní, "Raliat, ò ń wò mí lọ́jọ́ yẹn?"

Mo kúnlẹ̀, mo ń sunkún. Ó wò mí títí, ó ní, "Dìde. O ti mọ̀ ọ́n ṣe." Ọjọ́ kọkànlá rèé, kò tíì bá mi sọ̀rọ̀.

Ẹ má fún mi lómi! Àǹtí Ìbíyínká ni kẹ́ẹ pè. Kó wá sí Ọ̀kà lọ́la, kó sọ fún ìyá mi pé ẹkún tí mo sun yẹn, mi ò ṣeré. Òun ló kọ́ mi. Òun ló mọ ìyàtọ̀.