Ta Ló Máa Kọ́kọ́ Gbé E Fò?

Mo ń jẹun lórí bẹ́ńṣì létí adágún kan ní Conyers, nílẹ̀ Amẹ́ríkà, nígbà tí bàbá kan àti ọkùnrin kan tí kò tíì tó ogójì ọdún gbé bàálù kékeré onírìmóòtù wá sétí omi, tí wọ́n ń sọ Yorùbá bí ẹni pé àwọn nìkan ló gbọ́ ọ.

"Uncle, kí lẹ fi pa ìdí wáyà yìí?"

"Òrí ni. Omi ò lè kọjá òrí."

"Bàtà tó máa fi léfòó ńkọ́?"

"Mo ti gbé e sínú báàfù láàárọ̀, kò jò. Ìyàwó mi ò ríbi wẹ̀ kó tó lọ síbi iṣẹ́."

Ọkùnrin náà tẹ rìmóòtù, ìrù bàálù yí sọ́tùn-ún, ó yí sósì. "Ó ti pé. Ẹ gbà, kẹ́ ẹ gbé e fò."

"Èmi kẹ̀? Ìwọ gbé e fò."

"Háà! Ẹ̀yin làgbà, sà. Wọn ò tọ́ mi bẹ́ẹ̀ nílé."

Bó ṣe fìrẹ̀lẹ̀ sọ "ẹ̀yin làgbà" yẹn, díẹ̀ ló kù kí ẹ̀rín mú oúnjẹ há mi lọ́fun.

"Ọ̀wọ̀ kọ́ nìyí, ẹ̀rù ló ń bà ẹ́. Oṣù mẹ́ta la fi tò ó pọ̀, o ò fẹ́ kó bàjẹ́ mọ́ ẹ lọ́wọ́."

"Ẹ̀yin náà ò fẹ́ bẹ́ẹ̀, sà."

Bàbá rẹ́rìn-ín. "Ṣé èmi làgbà?"

"Ẹ̀yin ni, sà."

"Àgbà ti sọ̀rọ̀. Gbé e fò."

Ọkùnrin náà gbé e lé orí omi, ó sì tẹ rìmóòtù. Bàálù bẹ̀rẹ̀ sí í sáré lórí omi.

"Uncle, ẹ bá mi gbàdúrà o!"

"Mo ti dijú tipẹ́!"