Bátìrì Àìṣá Kò Ní Kúrò Nílé Yìí

"Tí iná bá lọ, ta ló ń gbọ́ mi?" Ìbéèrè tí ọmọ mi bi wá nírọ̀lẹ́ òní nìyẹn. Àwa àgbà mẹ́ta la wà ní pálọ̀. Bàbá rẹ̀ gbójú sókè, ó ń wo àjà. Ẹ̀gbọ́n ọkọ mi, Bàbá Ràmọ́tà, ní kí n sọ ohun tí ọmọ náà wí fún òun, torí ọwọ́ ni Àìṣá fi sọ ọ́, kì í ṣe ẹnu. Ọmọ ọdún méje ni. Etí rẹ̀ méjèèjì di látìgbà tí ibà líle kan ti kọlù ú, kó tó pé ọdún méjì. Wọ́n ní àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Àwa mẹ́ta la wà níbẹ̀ o! Ó sì dùn mí, torí pé èmi mọ ìdáhùn ìbéèrè yẹn. Ìtìjú ni kò jẹ́ kí n sọ ọ́.

Igando níbí la ń gbé, aṣọ ni mo ń rán. Mi ò rí ilé ìwé adití tí mo lè máa gbé e lọ lójoojúmọ́, ni ẹnìkan bá bá mi wá Àǹtí Sàdíà ní Ìbàdàn, adití bíi tiẹ̀, tó ń fi fídíò orí fóònù kọ́ ọ ní èdè ọwọ́ lálaalẹ́. Èmi náà ń jókòó tì wọ́n, mo ń kọ́ ọ. Ǹjẹ́ ẹ mọ bó ṣe rí kí ọmọ yín pé ọdún márùn-ún kó tó pè yín ní màmá? Ó tẹ àtàǹpàkò mọ́ àgbọ̀n, ó na ìka yòókù, mo sì sunkún títí aṣọ oníbàárà tó wà lórí itan mi fi tutù.

Nẹ́tíwọ́ọ̀kì inú afẹ́fẹ́ la ń lò nígbà náà, èyí tó ń wọ inú fóònù láti orí òpó gíga. Mi ò ní bà á jẹ́: ó ń báni dé ọjà, ó ń báni dé inú mọ́tò, kò sì ní kí á lu ògiri ẹnikẹ́ni. Àmọ́ tó bá di aago méje alẹ́, tí gbogbo àdúgbò ti ibi iṣẹ́ dé, tí kálukú gbé fóònù, àwòrán á dúró gbagidi. Bí ohùn bá já, ẹni tó ń gbọ́ràn á fi òye bá a parí. Ọwọ́ tó dúró lágbede méjì ńkọ́? Àìṣá á máa fi ìka kan ojú fóònù, bí ẹni tó fẹ́ jí àǹtí rẹ̀. Mo pààrọ̀ síìmù, mo gun ẹ̀gbẹ́ táńkì omi, òfo ni.

Nígbà tí àwọn tó ń fa wáyà fáíbà dé òpópónà wa, èmi ni mo lọ bá wọn. Ọkùnrin tó fà á wọlé sọ fún mi pé gíláàsì ló wà nínú rẹ̀, tín-ín-rín bí irun orí, pé ìmọ́lẹ̀ ló ń gbé ọ̀rọ̀ sáré nínú gíláàsì náà. Ó ní kò mọ òjò, kò mọ èrò, ṣùgbọ́n bí ẹni tó ń gbẹ́ kòtò bá gé e, ó di ìgbà tí wọ́n bá wá so ó. Lánlọ́ọ̀dù ní òun ò fẹ́ ihò lára ògiri òun. Mo ní kò burú, mo ní kí wọ́n gba ojú fèrèsé fa wáyà náà wọlé. Lálẹ́ ọjọ́ náà, ọwọ́ Àǹtí Sàdíà ń ṣàn bí omi. Kò pẹ́ tí wọ́n mú iná lọ. Àpótí fáíbà kú, nígbà tó sì yá, yàrá ṣókùnkùn. Bátìrì olómi àlòkù tó wà lábẹ́ infátà wa, ẹ̀rọ tó ń sọ agbára bátìrì di iná, kò lè gbé gílóòbù kan kọjá wákàtí méjì.

Ẹ gbọ́ ẹ̀ṣẹ̀ mi. Nínú òkùnkùn, Àìṣá kò lè sọ̀rọ̀. Mo ṣàkíyèsí èyí, mo sì ń lò ó. Tí ẹ̀rọ ìránṣọ bá ti lù mí pa, tí ìbéèrè rẹ̀ kò tán, màá nawọ́ pa iná, màá ní mò ń ṣọ́ bátìrì lò. Irọ́ ni. Ìyá wo ló ń fi àtẹ́lẹwọ́ bo ọmọ lẹ́nu lálaalẹ́? Èmi. Ó lé lọ́dún kan. Lálẹ́ ọjọ́ kan mo pa iná bí mo ṣe máa ń pa á, ni mo bá rí i pé ìka Àìṣá kéékèèké ń kàn mí lójú, ó ń wò ó bóyá ojú mi ṣí.

Nígbà tí àjọ kàn mí, mo ra bátìrì lítíọ́ọ̀mù. Kò tóbi ju àpótí aṣọ lọ, kì í mu omi, ó ń gbé fáíbà àti gílóòbù di àárọ̀. Òun náà ní èèwọ̀ tiẹ̀: kò fẹ́ ooru, kò sì fẹ́ ṣájà tí kì í ṣe tiẹ̀.

Bátìrì yìí ni Bàbá Ràmọ́tà gbé kẹ̀kẹ́ wá láti Ṣáṣá lónìí pé òun ń gbé lọ, torí fírísà ìyàwó rẹ̀. Òun ló tọ́ ọkọ mi dàgbà. Ọkọ mi ti mú sípánà, ó ń tú u.

"Ìyàwó," Bàbá Ràmọ́tà ní, "ọmọ tí etí rẹ̀ di, kí ló fẹ́ fi iná òru ṣe? Ṣé ó fẹ́ gbọ́ rédíò ni?"

Ìgbà yẹn ni Àìṣá bi wá léèrè. Mo kúnlẹ̀.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ má bínú. Ẹnu ọmọ mi lẹ fẹ́ lọ fi mu omi tutù. Bátìrì yìí kò ní jáde níbí."

"Èmi lò ń bá sọ bẹ́ẹ̀?"

"Ẹ̀yin ni, sà. Orí ìkúnlẹ̀ náà ni mo sì wà."

Ó jáde, ó ní ìpàdé ẹbí ló kù.  Ọkọ mi bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó fi sípánà náà mú nọ́ọ̀tì tó ti tú le padà.

Kí wọ́n pèpàdé. Màá lọ, màá kúnlẹ̀, ọ̀rọ̀ kan náà ni màá sọ. Ẹ̀yin ìyá, ẹ wo ohun tí ẹ fi ń pa ọmọ yín lẹ́nu mọ́ kí ẹ lè sinmi. Ó lè má jọ ìlù, ó lè má jọ èébú. Bọ́tìnì iná ni tèmi.

Ọkọ mi ti ń hanrun. Àìṣá dùbúlẹ̀, ọwọ́ rẹ̀ ṣì ń bá ara rẹ̀ sọ̀rọ̀ lórí àyà, díẹ̀díẹ̀, títí ó fi rọ̀. Gílóòbù ń tàn. N kò pa á.