Mẹ́fà Ni Tèmi Nínú Mẹ́jọ

Alága wa, Alàgbà Adéwọlé, mo kí yín. Baálẹ̀ àti ẹ̀yin ìjòyè tí ẹ fi iṣẹ́ oko sílẹ̀ nítorí mi, mo kí yín. Ẹ̀yin ìyá wa, ẹ kú ìjókòó. Ẹ̀yin ọ̀ta ayò láti Mọ́níyà àti Alákìá, àti ẹ̀yin ọ̀pẹ tí ẹ ń pe ara yín ní ọ̀ta, mo kí gbogbo yín pọ̀. Akọ̀wé, bí mo bá ṣe sọ ọ́ ni kí o kọ ọ́. Má bá mi tún un ṣe. Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ gbọ́ mi.

Alága ka ìwé kan lẹ́ẹ̀kan. Wọ́n ní láti ọdún 1984 títí dé 1991, èmi Fárìndé ni mo gba ife ẹ̀yẹ ayò ní gbogbo agbègbè yìí, ẹ̀ẹ̀mẹjọ léra wọn. Wọ́n ní láti ìgbà tí mo ti fi ìdíje sílẹ̀ ni mo ti ń ṣe adájọ́ fún yín, ọdún márùn-ún gbáko. Wọ́n ní bí mo ṣe ń fẹ̀yìn tì lónìí, àwọn máa fi mí jẹ Ọ̀ta Títí Láé. Wọ́n ní bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń ṣe nínú ṣẹ́ẹ̀sì, ayò àwọn òyìnbó: ẹni tó bá fakọyọ, wọ́n á fi oyè ọ̀gá àgbà dá a lọ́lá, oyè náà ò sì ní kúrò lára rẹ̀ títí ikú, bí kò tiẹ̀ borí ẹnikẹ́ni mọ́. Wọ́n ní ọmọ ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ti jẹ ẹ́ rí. Ó dáa fún wọn. Ṣùgbọ́n ta ló fi ìwé jẹ ọ̀ta láàrin wa rí? Ẹni tó pa ọ́ lónìí ni ọ̀ta. Bí wọ́n bá pa òun náà lọ́la, ó di ẹni àná.

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ ẹ̀yin tí a jọ ta á. Gàfárù kàfíńtà, ọwọ́ rẹ yá ju ti olè lọ. Ifáníyì ará Alákìá, ìwọ tó o máa ń fi ojú ka ọmọ ayò tí ètè rẹ ò ní mì, mo bẹ̀rù rẹ, n kò sọ fún ọ rí. Sàníù, o ti fi alùpùpù gbé mi dé ibi tí ẹsẹ̀ mi ò lè gbé mi dé.

Ọ̀ṣunwùnmí ìyàwó mi kò mọ ayò ta. Ó máa ń sọ pé ìyáálé òun ni ọpọ́n ayò: ó ní ọmọ méjìdínláàádọ́ta, kò sì sí ọ̀kan tó ń pọn omi nínú wọn. Ní ìrọ̀lẹ́ yóò dúró lẹ́nu ọ̀nà, yóò ní, "Bàbá Fẹ̀yìntọlá, oúnjẹ ń tutù o." Màá ní, "Ó ku díẹ̀." Ọdún mẹ́rìndínlógójì ni mo fi ń sọ ó ku díẹ̀ fún obìnrin kan ṣoṣo. Mo máa ń tètè délé báyìí, ẹ̀yin èèyàn mi. Oòrùn á ṣì wà lókè. Ta ni mò ń bá níbẹ̀?

Ẹ jẹ́ kí n jẹ́wọ́. Ní ọdún 1990, Ifáníyì ti pa mí tán, ó ku kó sin mí. Mo ṣẹ́jú sí ẹnìkan. Ó yí ẹ̀yìn ilé, ó sáré padà wá pé, "Ifáníyì, ìyàwó rẹ ti ń rọbí!" Ifáníyì fò dìde. Òfin wa sì ni pé ẹni tó bá dìde kí ayò tó tán ti fìdí rẹmi. Ó sáré délé, ó bá ìyàwó rẹ̀ tó ń fọ aṣọ. A rẹ́rìn-ín títí. Ẹ̀yin náà rẹ́rìn-ín, mo rí yín. A ní ọgbọ́n ayò ni.

Ọdún tó tẹ̀ lé e, Alákìá ni a ti ta àṣekágbá, èmi àti Gàfárù. Láàárọ̀, Ọ̀ṣunwùnmí ní àyà ń wúwo fún òun. Mo ní ṣé kí n má lọ? Ó ní, "Ẹ lọ. Bí ẹ bá jókòó tì mí, ayò náà lẹ ó máa rò." Mo lọ. Mo ti jẹ ogún, Gàfárù ti jẹ mẹ́tàlá, mo sì ti kó ọmọ mẹ́tàlá jọ sí ihò kan, odù ńlá, nígbà tí Sàníù dé lórí alùpùpù. Ó ní, "Bàbá, Ìyá Fẹ̀yìntọlá ní kí ẹ máa bọ̀ o. Kíá."

Mo bú sẹ́rìn-ín. Mo ní, "Èló ni Gàfárù fún ọ?"

Gàfárù ní, "Bàbá, mo fi Ọlọ́run búra, n kò rán an. Ẹ dìde. A ó fi ọmọ sílẹ̀ bó ṣe wà, n kò ní fọwọ́ kàn án."

Mo ní, "Ọ̀pẹ! Èmi ni mo kọ́ yín ní irọ́ yìí. O ò lè fi mú mi."

Sàníù ń bẹ̀ mí. Mo tú odù náà, mo jẹ mẹ́fà, mo borí. A tún ta èkejì, mo tún borí. Mo gba ife. Mo tún dúró ya fọ́tò. Eyín mi wà níta nínú fọ́tò yẹn.

Nígbà tí Sàníù gbé mi délé, wọ́n ti fi aṣọ bò ó. Àwọn obìnrin tó wà lọ́dọ̀ rẹ̀ ní ẹ̀ẹ̀mẹta ló bèèrè pé, "Ṣé wọ́n ti dé?" Ní ẹ̀ẹ̀kẹta, àánú rẹ̀ ṣe wọ́n, wọ́n parọ́ fún un pé mo ti wà nínú ọgbà. Ó ní, "Ẹ ní kí wọ́n wọlé."

Kí ló fẹ́ bá mi sọ? Ọdún márùn-ún ni mo ti ń bi ògiri. Ẹni ju òkò sọ́jà, ará ilé ẹni ní í bá. Àbámọ̀ ní í gbẹ̀yìn ọ̀rọ̀. Ó gbẹ̀yìn tèmi, kò sì lọ mọ́.

Nítorí náà, n kò jẹ oyè yín. Ẹ̀ẹ̀mẹjọ lẹ kà, mẹ́fà ni tèmi. Ti 1990, ẹ kọ Ifáníyì síbẹ̀. Ti 1991, ẹ kọ Gàfárù: ẹni tó ní kí n dìde ló borí lọ́jọ́ náà. Gàfárù, má mi orí sí mi. Ta ló bi ọ́? Òfin ìdìde yẹn náà, ẹ pa á rẹ́ lónìí. Ẹni tí ilé bá pè, kó lọ. Kí ọmọ ayò dúró dè é nínú ihò. Kì í rà.

Elédùmarè kò ní jẹ́ kí wọ́n pè yín títí kí ẹ má dáhùn. Ẹni tó ń retí yín nílé, ẹ ó bá a lórí ìjókòó. Ẹ̀yin tí ìjà wà láàrin yín àti aya yín, ẹ parí rẹ̀ kí ilẹ̀ tó ṣú. Ọmọ yín á sin yín, ẹ kò ní sin wọ́n. Ẹ ṣé tí ẹ gbọ́ mi tán láìdá ọ̀rọ̀ mọ́ mi lẹ́nu.

Alága, ẹ mú bírò yín. Ẹ fa ìlà pa orúkọ mi ní ọdún méjèèjì níṣojú mi. N kò mọ̀wé, ṣùgbọ́n bí ẹ bá fa ìlà, mo máa rí i.

Ẹ ṣé o.