Kíkàn Mẹ́ta Lójú Omi

Àǹtí Ẹ̀bùn ti ń wa ọkọ̀ bọ̀ lábẹ́ ilé wa tó dúró lórí òpó nínú omi, ó ń pe bàbá rẹ̀, "Bàbá o! Bàbá!" Bàbá mi àgbà gbọ́. Mo rí i tí ọwọ́ rẹ̀ dúró lórí àwọ̀n tó ń tún ṣe. Kò dáhùn. Ìgbà tí Àǹtí fi àjẹ̀ kan ẹ̀gbẹ́ ọkọ̀ lẹ́ẹ̀mẹta, kó, kó, kó, ló tó ní, "Wọlé."

"Á à, Bàbá! Ṣé àjèjì ni mí ni?" Ó ní òun wá dágbére, òun ń kó lọ bá ọkọ òun ní Àkúrẹ́. "Láti kékeré ni mo ti ń pè yín lójú omi. Ẹ dá mi lóhùn lẹ́ẹ̀kan péré kí n tó lọ."

Bàbá gbé àwọ̀n sílẹ̀, ó kọjú sí àwa méjèèjì.

"Ẹ gbọ́… kí n tó gbọ́njú dáadáa, orúkọ là ń jí gbọ́ lórí omi yìí. Ìyá wa á ké sí ará òdìkejì, 'Ṣé ẹ ti jí o?' Tọ̀hún á ní, 'A ti jí o, ẹja ńkọ́?' Òwúrọ̀ á dùn! Ẹ̀yin tí ẹ ń tẹ fóònù, ṣé ẹ mọ̀ ọ́n?

"Ṣọ́jà wá ń ṣèjọba. Wọ́n ń gba ẹ́ńjìnnì lọ́wọ́ apẹja. Ẹ̀gbọ́n mi Ọmọ́yẹlé sọ ọ́ lójú wọn ní èbúté pé olè ni wọ́n. Lọ́jọ́ kejì, ọkọ̀ kan dúró nísàlẹ̀. Ohùn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ló ń pè é… ṣọ́jà ti mú ọ̀rẹ́ náà, wọ́n tì í síwájú kó máa pè é. 'Ọmọ́yẹlé o!' Ta ló dáhùn? Èmi ni. Ọmọ ọdún mẹ́jọ. Mo ní, 'Ó wà nílé o!' Inú mi tiẹ̀ dùn.

"Wọ́n gbé e lọ, a ò rí i mọ́. Láti ọjọ́ náà la ti fẹnu kò: ẹni wa á kan ọkọ̀ lẹ́ẹ̀mẹta. Ẹni tó bá pe orúkọ, a ò dáhùn. Ṣọ́jà ti lọ, ó ti pẹ́. Àwa tá a jọ dàgbà ńkọ́? Wọ́n ń pè wá sípàdé ká wá sọ̀rọ̀, ilẹ̀ là ń wò. Ìyá wa ò tún ké sí ẹnikẹ́ni títí ó fi kú… Ẹ̀yin ọmọ, ẹ máa dá ara yín lóhùn. Ẹ má kọ́ àṣà tiwa."

Àǹtí gbé ẹja gbígbẹ tí Bàbá dì fún un, ó sọ̀kalẹ̀ sínú ọkọ̀. Nígbà tó dé ibi tí omi ti fẹ̀, ó yíjú padà.

"Bàbá o!"

Bàbá dìde. Ó lanu. Ó tún pa á dé. Lẹ́yìn náà ló mú àjẹ̀ tó wà lẹ́nu ọ̀nà, ó fi kan òpó ilé: kó, kó, kó.

Àǹtí wò ó díẹ̀. Ó ti àjẹ̀ tirẹ̀ bọ omi, ó wa ọkọ̀ rẹ̀ lọ.